Ìkéde: Ìrìn-àjò Wa sí Dawsonville

Ẹ̀yin ọmọ ẹgbẹ́, ẹ kú àjò o.

Ní Sátidé kejì oṣù tó ń bọ̀, Dawsonville ní àríwá Georgia la ń lọ. Agogo méje àárọ̀ ni bọ́ọ̀sì máa gbéra. Ẹni tó bá pẹ́, kó máa fẹsẹ̀ rìn bọ̀.

Ọtí moonshine àwọn ará orí òkè ibẹ̀ là ń lọ kọ́ nípa rẹ̀. Òru, lábẹ́ òṣùpá, ni wọ́n ti máa ń sè é kí agbowó-orí má bàa rí èéfín wọn. Wọ́n á pò àgbàdo lílọ̀ mọ́ omi àti ṣúgà, wọ́n á fi sílẹ̀ títí yóò fi kan, wọ́n á wá gbé e kaná nínú ìkòkò bàbà. Ooru rẹ̀ á gba inú páìpù tó lọ́ kọjá nínú omi odò tútù, á wá máa kán tó tó tó sínú ìgò. Èyí tó kọ́kọ́ kán, dídà nù ni, májèlé ni. Àwọn tó ń fi mọ́tò sá eré gbé e lọ sí Atlanta wà lára àwọn tó bẹ̀rẹ̀ ìje mọ́tò tó di NASCAR, ẹgbẹ́ ìje mọ́tò ilẹ̀ Amẹ́ríkà, ní 1948.

Ẹ̀yin àgbà Ìkálẹ̀ àti Ìlàjẹ, ẹ ti mọ̀ ọ́n: ògógóró náà ni, ẹmu ló kàn dípò àgbàdo. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wá sọ bí wọ́n ṣe ń sè é nílé yín, màá gba ohùn yín sílẹ̀.

Ẹ má dán an wò nílé o! Òfin ìjọba àpapọ̀ ò gbà á láìsí ìwé àṣẹ.

Dọ́là 25 lowó bọ́ọ̀sì. Ẹ fún akápò.

Akọ̀wé ẹgbẹ́