Fìdítì ni Okigbo ti ṣe tíṣà, ẹ yé fò ó

Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn o. Inú ló bí mi tí mo fi gbé bírò. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ilé-iṣẹ́ rédíò kan nílùú Ìbàdàn fi odidi wákàtí kan sọ̀rọ̀ nípa akéwì wa, Christopher Okigbo. Wọ́n sọ ti Ojoto tí wọ́n ti bí i, wọ́n sọ ti Nsukka, wọ́n sọ ti ogun Biafra títí ẹnu fi ń kan wọ́n. Fìdítì ńkọ́? Wọn ò dárúkọ rẹ̀ rárá. Mo pe nọ́ńbà tí wọ́n ní ká máa pè, ètò parí, ẹnikẹ́ni ò gbé e.

Ẹni tó bá ti gba ọ̀nà àtijọ́ láti Ìbàdàn lọ sí Ọ̀yọ́ mọ Fìdítì, níbi táwọn ìyá wa ti ń na ọsàn àti ọ̀pẹ̀ òyìnbó sí èrò lójú fèrèsé mọ́tò. Láàárín 1958 sí 1960, nígbà tí òyìnbó ò tíì kó ẹrù rẹ̀, ilé-ìwé girama ìlú yẹn ni Okigbo ti ń kọ́ àwọn ọmọ wa ní èdè Látìnì. Ọmọ Igbo ni, àwọn ọmọ Yorùbá ló sì jókòó níwájú rẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ sọ pé 1958 ni ọkàn òun wá fà sí ewì gidi. Ẹ ṣírò ibi tó wà ní 1958! Ìwé ewì rẹ̀ àkọ́kọ́ gan-an, Ìbàdàn níbí ni Mbari, ẹgbẹ́ àwọn òǹkọ̀wé àti oníṣẹ́ ọnà, ti tẹ̀ ẹ́ ní 1962. Síbẹ̀, wọ́n á jókòó ti ẹ̀rọ gbohùngbohùn, wọ́n á fo Fìdítì.

Ohun mìíràn tí wọn kì í sọ ni pé eléré ìdárayá ni. Kọ́lẹ́ẹ̀jì ìjọba ní Umuahia ló lọ, nígbà tí William Simpson jẹ́ ọ̀gá ibẹ̀. Òyìnbó yẹn fi òfin dè é pé ní ìrọ̀lẹ́ àwọn ọjọ́ kan, akẹ́kọ̀ọ́ kankan ò gbọdọ̀ ṣí ìwé kíláàsì: ẹ lọ ka ìwé ìtàn, tàbí kí ẹ bọ́ sórí pápá. Chinua Achebe náà jáde níbẹ̀. (Lóde òní, lẹ́sìnnì lọ́tùn-ún lósì ni, ọmọ ò tiẹ̀ mọ bí wọ́n ṣe ń ju bọ́ọ̀lù.) Kíríkẹ́ẹ̀tì, eré tí wọ́n ń fi pátákó gbá bọ́ọ̀lù kékeré, wọ Okigbo lára, ó sì ń gbá a títí dé Yunifásítì Ìbàdàn, níbi tó ti fi ẹ̀kọ́ ìṣègùn sílẹ̀ fún èdè Gíríìkì àti Látìnì, tó sì jáde ní 1956.

Mo ti gbé ọ̀rọ̀ yìí dé ọ́fíìsì kan rí. Ọ̀gá kan tó ń gbádùn ẹ̀rọ amúlétutù bi mí pé, "Bàbá, ṣé ẹni tó gbèjà Biafra lẹ fẹ́ ká gbé ga?" Irú àwọn tó ń ṣàkóso àṣà wa nìyí! Lóòótọ́, ó wọṣẹ́ ológun Biafra ní 1967, Méjọ̀ ni, ìtòsí Nsukka ló sì kú sí lọ́dún yẹn kan náà, kò tíì pé ẹni ogójì ọdún. Ìpinnu yẹn dùn mí títí dòní, mi ò ní pa irọ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí ogun parí ní 1970, Gowon ní kò sẹ́ni tó ṣẹ́gun, kò sì sẹ́ni tí wọ́n ṣẹ́gun. Ní 2007, àjọ UNESCO fi àwọn ìwé tí Okigbo fọwọ́ ara rẹ̀ kọ sínú àkọsílẹ̀ ohun ìrántí àgbáyé. Gbogbo ayé rí i, ọ́fíìsì wa níbí ò rí i.

Ohun tí mo fẹ́ kí wọ́n ṣe rèé. Kí wọ́n dá ìdíje kíríkẹ́ẹ̀tì Okigbo sílẹ̀ ní Fìdítì lọ́dọọdún, fún àwọn ilé-ìwé girama láti Ìbàdàn dé Ọ̀yọ́. Ìparí oṣù Kẹwàá ni kó bọ́ sí, tí òjò bá ti ń dáwọ́ dúró. Kì í ṣe nǹkan olówó ńlá. Láyé òyìnbó, ẹní ni wọ́n ń tẹ́ sórí ilẹ̀ líle tí wọ́n fi ń gbá a. Káfíńtà àdúgbò lè gbẹ́ àwọn igi tí wọ́n ń rì mọ́lẹ̀, tí ẹni tó ń ju bọ́ọ̀lù máa ń fojú sùn. Bọ́ọ̀lù àti pátákó ìgbábọ́ọ̀lù lowó máa lọ lé, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́ sì lè dá a láàárín ara wọn. Tí ikọ̀ kìíní bá gbá tirẹ̀ tán, kí ìkejì tó bẹ̀rẹ̀ sí í gbá tirẹ̀, kí gbogbo wa jókòó. Kí ọmọ kan ka ewì Okigbo, kí ọmọ mìíràn sọ ọ́ ní Yorùbá, kí bàbá kan tó jókòó ní kíláàsì rẹ̀ sọ bí tíṣà náà ṣe rí. Ẹni tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́tàlá ní 1958 ti pé ọgọ́rin ọdún báyìí, ìgbà wo la fẹ́ bi wọ́n? Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ pé àwọn ọmọ wa ò lè gbá kíríkẹ́ẹ̀tì. Ní oṣù Kìíní 2025, àwọn ọmọbìnrin wa tí kò tíì pé ogún ọdún fi àmì-ayò méjì péré na New Zealand ní Malaysia.

Kí wọ́n ri pátákó ìrántí Okigbo kan mọ́ ojú títì ní Fìdítì. Kí wọ́n sì kọ ìtàn rẹ̀ ní Yorùbá fáwọn ọmọ ilé-ìwé.

Ẹni tó bá kọ́ Látìnì lọ́dọ̀ Okigbo ní Fìdítì, tó sì ń ka ìwé ìròyìn yìí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ kọ ohun tí ẹ rántí ránṣẹ́ sí olóòtú. Ẹ má dúró de ìjọba.

Olùkọ́ fẹ̀yìntì,
Ọ̀yọ́.