Ìwé Máàkì Màmá Ẹ̀gbẹ́ Ilé Mi

Dublin,
Oṣù Kìíní, 2026.

Bọ́dé ọ̀rẹ́ mi,

Ṣé dáadáa ni? Ìyàwó ńkọ́, àwọn ọmọ ńkọ́? Òtútù ibí ò jẹ́ ká rímú mí, ṣùgbọ́n ara le.

O bi mí lórí WhatsApp pé kí ló dé tí àwọn ará Ireland fi yọwọ́ nínú Eurovision, ìdíje orin táwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù máa ń ṣe lọ́dọọdún. Ọ̀rọ̀ ọ̀hún kì í ṣe èyí tí èèyàn ń fi àtàǹpàkò tẹ̀.

Màmá àgbà tó ń gbé ẹ̀gbẹ́ mi ló là mí lọ́yẹ̀. Ó gbé ìwé kan jáde tí èèpo rẹ̀ ti já: orúkọ orílẹ̀-èdè lápá òsì, máàkì lápá ọ̀tún. Ọdọọdún ló ń kọ ọ́. Ọdún tí wọ́n bá gba ipò kìíní, bírò pupa ni. Dana ló kọ́kọ́ gbà á fún wọn ní 1970, ọmọ ilé ìwé ni nígbà yẹn. Johnny Logan gbà á ní 1980, ó tún gbà á ní 1987. Nígbà tó wá di 1992, 1993, 1994, ojú ewé pupa fòò, 1996 tún tẹ̀ lé e. Ẹ̀ẹ̀meje lápapọ̀!

Àmọ́ ẹni tó bá gbà á ló máa gbàlejò lọ́dún kejì, owó gọbọi sì ni. Ní 1993, Millstreet ni wọ́n gbé e lọ, ìlú kékeré kan ní Cork, nínú gbọ̀ngàn tí wọ́n ti ń fi ẹṣin díje. Ẹṣin o, Bọ́dé! Wọ́n wá ń ṣe yẹ̀yẹ́ pé kí Ọlọ́run má jẹ́ ká gbà á mọ́. Àfi bí ẹni pé Ọlọ́run ń gbọ́: láti 1996, kò sí pupa kankan. Ní 2008 wọ́n rán Dustin, ọmọláńgidi tòlótòló, kò dé àṣekágbá. Òfìfo ni màmá fi ojú ewé yẹn sílẹ̀. Bambie Thug ṣe ipò kẹfà ní 2024. Inú màmá dùn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó fọwọ́ di etí.

Ní oṣù Kejìlá tó kọjá, àwọn tó ń ṣètò ìdíje náà pàdé ní Geneva, wọ́n ní Ísírẹ́lì ṣì máa kópa. RTÉ, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn wọn, ní pẹ̀lú ẹ̀mí tó ṣòfò ní Gásà, àwọn ò lọ, àwọn ò sì ní gbé e sáfẹ́fẹ́. Spéìn, Nẹ́dálándì, Slovenia àti Iceland náà ò lọ. Lójú tèmi, wọn ò jẹ̀bi. Màmá náà fara mọ́ ọn, àmọ́ ó ń dùn ún.

Ó ti fa ìlà 2026 sílẹ̀ kí wọ́n tó kéde. Mo bi í pé kí ló máa kọ síbẹ̀. Ó ní kí n lọ gbé omi tíì kaná.

Kí gbogbo ilé fún mi.

Èmi ni tìrẹ,
Wálé