Lẹ́tà sí Màmá Jeni LeGon

Màmá,

Ẹ ò mọ̀ mí. Ọmọ ọdún 96 lẹ jẹ́ nígbà tí ẹ fayé sílẹ̀ ní Vancouver, ní Kánádà, lóṣù Kejìlá ọdún 2012. Ṣùgbọ́n láti ìgbà tí mo ti rí ẹsẹ̀ yín nínú fóònù mi, ẹ̀yin adúláwọ̀ Amẹ́ríkà tó ń jó táàpù, ijó tí wọ́n ń fi bàtà onírin nísàlẹ̀ lu ilẹ̀ kó lè dún, ọkàn mi ò kúrò lọ́dọ̀ yín.

Hooray for Love ni fíìmù náà, ti ọdún 1935. Nínú rẹ̀, wọ́n ti lé yín jáde nílé, ẹrù yín wà lójú títì ní Harlem, àdúgbò àwọn adúláwọ̀ ní New York, Bill Robinson, adúláwọ̀ ọ̀gá ijó táàpù, sì wá ń rẹ̀ yín lẹ́kún. Kò pẹ́, ẹ dìde. Háà, Màmá! Bàtà ẹsẹ̀ yín ń fọhùn bí ìlù bàtá. Tiyín á sọ ọ̀rọ̀, ti Robinson á dá a lóhùn. Mo dá a padà sẹ́yìn lẹ́ẹ̀mẹrin. Ọmọ ọdún 18 péré ni yín o!

Ọdún yẹn kan náà ni Robinson àti Shirley Temple, ọmọdébìnrin òyìnbó, jọ jó lórí àtẹ̀gùn nínú fíìmù mìíràn. Ìyẹn layé mọ̀. Obìnrin adúláwọ̀ tó bá ọkùnrin yìí jó ẹsẹ̀ sí ẹsẹ̀, n ò gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí. Ó dùn mí gan-an.

MGM, iléeṣẹ́ fíìmù ńlá ní Hollywood, bá yín tọwọ́ bọ̀wé lọ́dún 1935 yẹn, àdéhùn ọlọ́jọ́ pípẹ́ tó ṣọ̀wọ́n fún adúláwọ̀. Ṣùgbọ́n Eleanor Powell, tí òun náà ń jó táàpù, wà lọ́dọ̀ wọn. Ẹ̀yin fúnra yín lẹ sọ ọ́ lẹ́yìn náà pé wọn ò fẹ́ obìnrin méjì tó ń jó irú ijó kan. Òyìnbó ni wọ́n mú. Ẹ gba London lọ.

Ohun tó ká mi lára jù ni Easter Parade, ọdún 1948. MGM yẹn náà ló ṣe é! Wọ́n ti mọ ohun tí ẹsẹ̀ yín lè ṣe láti ọdún 13 sẹ́yìn, síbẹ̀ ọmọ-ọ̀dọ̀ Ann Miller ni wọ́n ní kẹ́ ẹ ṣe, Ann Miller sì ń jó táàpù. Fred Astaire, gbajúmọ̀ oníjó òyìnbó tí ẹ ti mọ̀ ní RKO, iléeṣẹ́ fíìmù mìíràn, ẹ ní kò bá yín sọ̀rọ̀ níbẹ̀. Gbogbo ibi tẹ́ ẹ ti yọjú ni mo ti ń wo ìsàlẹ̀, bóyá ẹsẹ̀ yín á dún.

Ti Lena Horne, akọrin adúláwọ̀ bíi tiyín, wọ́n á ya apá tirẹ̀ sọ́tọ̀ nínú fíìmù, kí àwọn sinimá ìhà gúúsù Amẹ́ríkà lè gé e dànù kí ìtàn má bàjẹ́. Àwọn kan á ní bí ayé ìgbà náà ṣe rí nìyẹn. N ò gbà. Èèyàn ló jókòó, tó mú síṣọ́ọ̀sì, tó gé e.

Inú mi dùn pé ní Vancouver, tí ẹ kó lọ lọ́dún 1969, ẹ kọ́ àwọn ọmọ ọlọ́mọ ní ijó.

Lálẹ́ àná, mo pe ọmọbìnrin mi wá wo fíìmù 1935 yẹn. Kò tíì parí tó fi sáré wọ yàrá lọ wọ bàtà ilé-ìwé rẹ̀. Ó ní sálúbàtà ò lè dún.

Èmi ni tiyín,
Ìyá ọmọ náà