Fíìmù Sátidé: Ẹ Ka Èyí Kí Ẹ Tó Wá

Ẹ̀yin èèyàn wa, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o.

Sátidé tó ń bọ̀, aago 4 ìrọ̀lẹ́, ní yàrá wa ní Ajílọ́sun, Adó-Èkìtì, a ó wo The Act of Seeing with One's Own Eyes tí Stan Brakhage ṣe ní 1971. Kò ju nǹkan bí ìṣẹ́jú 32 lọ. Mọ́ṣúárì kan ní Pittsburgh, Amẹ́ríkà, ló ti yà á, níbi tí wọ́n ti ń la òkú láti mọ ohun tó pa á. Kò sí ọ̀rọ̀, kò sí orin. Wọ́n á bó awọ orí wá bo ojú òkú, bí ẹni fa fìlà bojú. Mo ti wò ó; n kò lè jẹun lálẹ́ ọjọ́ náà.

Lọ́dọ̀ tiwa, a ti wẹ òkú, a ti fi òwú dí i nímú, kí àlejò tó wọlé wò ó. Ta gan-an là ń ṣe é fún? Ìyẹn la ó jọ sọ lẹ́yìn fíìmù.

Ẹ má mú ọmọdé wá o. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sìnkú lè jókòó sílé, a ò ní bu owó ìtanràn lé e. Ẹ mú ₦500 dání fún epo jẹnẹrétọ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fèsì kó tó di alẹ́ Ọjọ́bọ̀, ká lè mọ iye àga tí a ó yá.

Akọ̀wé yín