Lẹ́tà sí àbúrò mi tó ń gbé inú ilé mi

Àbúrò mi,

Ìwé ilé ni mò ń wá lánàá tí kọ́kọ́rọ́ àtijọ́ yẹn fi já bọ́ láti inú báàgì, èyí tí mo so òwú pupa mọ́ kí màmá má baà máa ṣì í mú. Mo dì í mọ́wọ́ títí ó fi gbóná. Ìwọ náà mọ̀ pé kò lè ṣí ilẹ̀kùn kankan mọ́.

Mo ṣì ń rí ọjọ́ tí mo kanlẹ̀kùn tí o yọ ìdajì ojú, tí o ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ ò bá ti pè kẹ́ ẹ tó máa bọ̀." Mo rẹ́rìn-ín. O bọ̀wọ̀ fún mi o, mi ò ní purọ́ mọ́ ọ. O gbé àga wá, o ní kí n jókòó. Àga mi ni.

Agbẹjọ́rò ní orúkọ mi nìkan ló wà nínú ìwé, èmi ni mo nilé. Ó ní ẹni tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ gbà sílé láìgbowó, àyè ni wọ́n fún un, wọ́n sì lè gbà á padà. Àmọ́ mi ò gbọ́dọ̀ da ẹrù rẹ síta, mi ò sì gbọ́dọ̀ pààrọ̀ kọ́kọ́rọ́ mọ́ ọ lójú. (Ìwọ lo ṣe ìyẹn fún èmi tí mo nilé, ká fi yẹn sílẹ̀ ná.) Ìwé ni kí n kọ sí ọ, kí n fún ọ láyè tó tó láti wá ibòmíì. Tí o bá kọ̀, ó di ilé ẹjọ́.

Ó wá béèrè pé, "Ṣé ẹ ti sọ fún un rí pé tiẹ̀ ni ilé náà?"

Òru tí àìsàn màmá le yẹn ni. O pè mí, ohùn rẹ ń gbọ̀n. O ní òjò ń jò sórí bẹ́ẹ̀dì rẹ̀, pé o ti gbé abọ́ sábẹ́ ibi mẹ́ta, pé o fẹ́ fi iṣẹ́ sílẹ̀ kí o lè dúró tì í. Mo ní, "Má yọra ẹ lẹ́nu. Ilé yẹn, tìẹ náà ni." Àbí "tiwa ni" ni mo sọ? Rárá, "tìẹ náà" ni. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń yẹ "náà" yẹn wò bí ẹni ń yẹ owó ayédèrú wò. Mo jìnnà, ojú ń tì mí, ọ̀rọ̀ yẹn ló wà nítòsí. Ọ̀sẹ̀ kejì lo fiṣẹ́ sílẹ̀. Owó tí o tọ́jú lo fi kan òrùlé tuntun.

Agbẹjọ́rò sọ ẹjọ́ kan tí wọ́n dá nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 2009. Ọkùnrin kan ṣiṣẹ́ lóko ìbátan bàbá rẹ̀ fún nǹkan bí ọdún 30 láìgba kọ́bọ̀. Ìbátan náà kò fìgbà kan là á mọ́lẹ̀ pé òun máa fún un lóko. Àbọ̀ ọ̀rọ̀ ni wọ́n jọ ń sọ. Ọkùnrin náà ló jàre. Ẹni tó bá gbé ara lé ọ̀rọ̀ ẹnu onílé, tó sì ti torí ẹ̀ pàdánù nǹkan, ilé ẹjọ́ lè dá a lóhùn bí orúkọ rẹ̀ ò tiẹ̀ sí nínú ìwé.

Mo sọ fún agbẹjọ́rò pé mi ò rántí.

Ṣùgbọ́n ìwọ náà, nígbà tí o fi yàrá màmá gba ayálégbé, ta lo bi? Bàtà rẹ̀ tó máa ń wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn ńkọ́? Èmi tí mo ṣì ń san gbèsè báńkì tí mo fi ra ilé yẹn lóṣooṣù, ìwọ ló ń gba owó ilé.

Onílé tèmi fẹ́ kó ọmọ rẹ̀ wọlé. Ìparí oṣù yìí ló dá fún mi. Orúnkún mi ò gba àtẹ̀gùn mọ́, gbogbo ibi tí mo sì ń rí, òkè ni. Mo ti di páálí méjì. Ìwé tí agbẹjọ́rò kọ sí ọ wà lórí páálí kejì, ìfọwọ́sí mi nìkan ló kù.

Kọ́kọ́rọ́ tuntun tí o fi sẹ́nu ilẹ̀kùn yẹn, ọmọ rẹ̀ mélòó ni wọ́n fún ọ?

Ẹ̀gbọ́n rẹ