Pàṣán kọ́ ni oògùn rẹ̀

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn. Fíìmù kúkúrú kan la jọ wò lórí fóònù ní ṣọ́ọ̀bù mi ní Arákalẹ̀, nípa àwọn tí ọwọ́ wọn kì í gbọ́ tiwọn: ẹni tó ń jí ohun tí kò nílò, ẹni tó ń fa irun ara rẹ̀ tu. Àwọn oníbàárà mi bú sẹ́rìn-ín. Èmi ò lè rẹ́rìn-ín.

Mo ní ọmọ iṣẹ́ kan rí. Tí ẹ̀rọ ìránṣọ bá ti dákẹ́ báyìí, ọwọ́ rẹ̀ á ti dé àárín orí. Mo máa ń gbá irun mọ́ àkísà lábẹ́ tábìlì rẹ̀. Mo nà án, mo tún fi ata pa á níka (ojú ń tì mí). Kò jáwọ́.

Dókítà ará Faransé kan, Hallopeau, ti sọ àìsàn fífa irun ara ẹni tu yìí lórúkọ láti 1889! Wọ́n sì lè kọ́ èèyàn láti fura nígbà tí ọwọ́ bá fẹ́ gbéra, kó fi nǹkan mìíràn dí i.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa fọ̀rọ̀ wá àwọn dókítà ọpọlọ lẹ́nu wò. Lọ́jà Ọba níbí, iṣẹ́ ayé ni wọ́n ṣì ń pè é.

Ìyá aránṣọ kan,
Àkúrẹ́.