Rísíkà, fìtílà kékeré yẹn

Òkèlele, Ìlọrin
3 Oṣù Kejì

Rísíkà mi ọ̀wọ́n,

Às-sàlámù àlékúm. Ṣé òtútù Toronto ò tíì pa ọ́? Ọyẹ́ ti ń palẹ̀ mọ́ níbí, ṣùgbọ́n ètè gbogbo wa ti sán bí ìkòkò tí wọ́n sun kó tó gbẹ.

Jẹ́ kí n kọ́kọ́ pa ọ́ lẹ́rìn-ín. Ìyá gba ọmọṣẹ́ tuntun kan, ọkùnrin, abẹ́rẹ́ kì í gbọ̀n lọ́wọ́ rẹ̀ tó bá ń lu ihò. Àlàájì oníṣu kan ní kí wọ́n ṣe fìtílà ọ̀nà Àjàṣẹ́-Ìpò fún òun. Ọmọ yìí gbé amọ̀, ó bu òrí sí i, ó tanná, ó fi òru méjì rin ọ̀nà náà, kò bojú wẹ̀yìn. Gbogbo òfin ló pa mọ́. Àmọ́ o mọ̀ pé kì í ṣe ẹsẹ̀ nìkan ni ìmọ́lẹ̀ ń mu. Ọkàn rẹ̀ wà lọ́dọ̀ ọmọbìnrin kan ní Tánkẹ̀. Àlàájì tan fìtílà lálẹ́, ó ń tẹ̀lé e tòun ti ọkọ̀ iṣu, àfi gbàgà níwájú ilé tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ obìnrin ń gbé. Títí dòní ìyàwó rẹ̀ ò gbà á gbọ́.

Ìyá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ojú yẹn gan-an ló jẹ́ kí n mú bírò.

Ó ti ń funfun, Rísíkà. Èéfín ni mo rò pé ó fà á. Lọ́sẹ̀ tó kọjá mo tan fìtílà ọ̀nà Ọ̀fà nínú yàrá dúdú. Ọ̀nà nà sórí ògiri kedere, odò ń gbọ̀n, àwọn ọjà ṣù jọ bíi tanátaná. Ìyá kọjú sí i, ó ní, "Mọ́ríamọ̀, ṣé o ò tíì tàn án ni?" Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́ Ìyá, mo fẹ́ tàn án ni." Mo pa iná, mo tún un tàn. Kò sọ nǹkan kan. Ó na ọwọ́, ó fi ìka wá àwọn ihò ara ìdérí náà, bó ṣe gbóná tó yẹn, ó ń pe orúkọ abúlé lọ́kọ̀ọ̀kan. Kò ṣi ọ̀kan.

Dókítà ní wọ́n lè yọ funfun náà. Ìyá ní òun gbọ́, ṣùgbọ́n kí irin tó kan ojú òun, àfi kí òun dé ahoro ìyá òun lápá omi Òwu. Àwọn tó mọ ọ̀nà ibẹ̀ ti kú tán, igbó ti jẹ ẹ́. Bí òun ò bá tiẹ̀ rí fìtílà rẹ̀, ó ní ìka òun á rí i.

(Sìkírà bímọ, ọkùnrin. Àgbàrá ti gbé ògiri ẹ̀yìnkùlé wa lọ láti ìgbà òjò. Mo ti fi ẹni tí o mọ̀ yẹn sílẹ̀, má bi mí.)

O mọ fìtílà tí mò ń sọ. Ọdún mẹ́fà ni mo ti ń sọ pé ó fọ́ lọ́jọ́ kànga. Ìyá ò bi mí lẹ́ẹ̀kejì rí, òun ló sì ń já mi láyà jù.

O kọ̀wé nígbà kan pé ìràwọ̀ àríwá ga fíofío lórí òrùlé yín, pé kí ni Ìyá ń fi oòrùn da ara rẹ̀ láàmú fún. Tiwa ò ju nǹkan bíi dígírì 8 lọ sókè ilẹ̀, kùrukùru ọyẹ́ a sì gbé e mì. Oòrùn ló kù fún wa. Ẹ̀ẹ̀mejì lọ́dún ló ń dúró gangan lórí wa, nǹkan bí ọjọ́ 12 oṣù kẹrin àti ìparí oṣù kẹjọ, tí òpó ò ní ní òjìji. Ọjọ́ yẹn là ń ṣí ìdérí kí àwọn fìtílà lè jẹun. Kì í ṣe aago 12 gbáko o, ó ku díẹ̀ kí aago kan lù. Ẹgba ọdún yẹn ṣì ń ta mí. Ṣùgbọ́n níbi tí o wà, oòrùn kì í dé àtàrí ènìyàn láé. Ẹ̀ẹ̀mejìlá ni fìtílà yẹn ti pàdánù oúnjẹ.

Jọ̀ọ́, tàn án lálẹ́ òní. Ka àwọn kọ́nà tó wà kí ó tó dé ibi tí a ti ń gbọ́ ariwo omi láì tíì rí i. Méje ni tẹ́lẹ̀. Má wulẹ̀ fi fóònù yà á, mo dán ti Ọ̀fà wò, funfun báláú ló gbé.

Ọkọ Sìkírà ń bọ̀ wálé nípẹ̀kun oṣù kẹta. Fún un. Fi ìró àdìrẹ rẹ wé e, kì í ṣe ọ̀rá, ó máa ń làágùn nínú ọ̀rá. Bí wọ́n bá bi í ní pápákọ̀ òfurufú, kó ní ìkòkò tùràrí ni. Ì báà ku kọ́nà mẹ́ta, fún un bẹ́ẹ̀.

Kọ iye tó kù ránṣẹ́ sí mi kíákíá, kí n lè mọ irú irọ́ tí n ó pa.

Èmi ni,
Mọ́ríamọ̀